Ọ̀nà Ìlọ́fà Kò Jìn

Ìyá ọkọ mi kì í lọ sí Ìlọ́fà. Wọ́n á gbé irú lọ tà ní Kòró, wọ́n á lọ kí àwọn ọ̀rẹ́ wọn ní Ìdọ̀fin, bí wọ́n bá sì gbọ́ pé ṣọ́ọ̀ṣì kan ń ṣe ìkórè, àwọn ni yóò kọ́kọ́ dé etí títì láti dúró de mọ́tò. Ṣùgbọ́n ẹ ṣáà ti dárúkọ Ìlọ́fà, ìlú bàbá mi, níbi tí wọ́n ti gbé mi níyàwó wá sí Òsí, orúnkún á bẹ̀rẹ̀ sí í dùn wọ́n. Nígbà tí mo bí àkọ́bí mi, tí mo ní kí wọ́n jẹ́ ká jọ gbé e lọ han àwọn ènìyàn mi, orúnkún. Nígbà tí bàbá mi kú, orúnkún. Ọ̀rọ̀ náà máa ń bí mi nínú. Mo rò pé wọn ò ka ilé wa sí ni, èmi náà kì í sì í ṣe ẹni tí í gbé ìbínú mì bí omi.

Gbogbo wọn ti lọ báyìí: ìyá náà, ọkọ mi, àti ẹ̀gbọ́n bàbá mi obìnrin tí ọ̀rọ̀ yìí kàn. Mo lè sọ ọ́ wàyí. Mi ò kàn ní í dárúkọ ẹnì kankan, nítorí àwọn ọmọ mi ṣì ní àna.

Bí mo bá rántí àwọn ọdún wọ̀nyẹn, òórùn irú ló máa ń kọ́kọ́ dé sí mi nímú. Ilé ìdáná ìyá wà ní ẹ̀yìnkùlé. Ògiri rẹ̀ ti dú bí ìdí ìkòkò, àgbàdo sì so kọ́ sókè àdògán kí èéfín má jẹ́ kí kòkòrò rí i jẹ. Àwa méjèèjì la jọ ń se irú, la jọ ń fọ̀ ọ́ lódò, la jọ ń fi ewé bò ó títí òórùn rẹ̀ yóò fi jáde. Bó bá di ọwọ́ ìrọ̀lẹ́, èmi ni mo ń gún iyán. Wọ́n á jókòó sórí àpótí, wọ́n á máa wò mí, wọ́n á sì fi ohùn Òsí wọn wí pé:

“Ìyàwó, odó yẹn ò bá ọ jà o. Uṣu ni ọ̀n ní kí o gún, ọ̀n ò ní kí o pa odó.”

Èmi á ní, “Ìyá, ẹ dìde kí ẹ wá fi hàn mí.”

Wọ́n á rẹ́rìn-ín títí omi á fi lé ròrò sójú wọn. Mo fẹ́ràn obìnrin náà. Ó dùn mọ́ mi láti sọ bẹ́ẹ̀, nítorí kì í ṣe gbogbo ìyàwó ló lè sọ ọ́ láìpurọ́.

Mi ò tíì pé ọdún kan nílé wọn nígbà tí ọkọ mi mú àparò méjì bọ̀ láti oko. Ó dẹ pańpẹ́ sí etí ebè iṣu. Mo kúnlẹ̀, mo ní kí wọ́n má bínú, mi ò lè sè é, nítorí nílé bàbá mi a kì í jẹ ẹ́. Ìtàn tí wọ́n sọ fún wa ni pé nígbà kan tí ogun ń bọ̀, àparò ló ké ní pápá, igbe rẹ̀ ló jẹ́ kí àwọn ìyá wa tètè gbé ọmọ pọ̀n, wọ́n sì sá. Láti ìgbà náà, ọmọ ilé wa kì í fi ẹnu kàn án. Bí a bá sì ń wẹ ọmọdé, a máa ń fi orin bi í pé, “Kí ló ké ní pápá?” Ọmọ tí kò tíì gbọ́ ọ̀rọ̀, ìyá ni yóò bá a dáhùn: “Àparò ni. Ó ní ẹ dìde, ẹ gbọ́mọ pọ̀n.” Kò sí ilé mìíràn tó ní in. Àwọn àgbà wa ní òun ni àwọn fi ń mọ ọmọ wọn.

Ìyá ń bó iṣu lọ́wọ́ nígbà tí mo ń ṣàlàyé pé a kì í jẹ ẹ́. Wọ́n gbé ọ̀bẹ sílẹ̀. Wọ́n wò mí títí ojú fi ń tì mí. Lẹ́yìn náà ni wọ́n ní, “Oyún inú rẹ yìí, ó ti tó oṣù mélòó?”

Mo ní ó ń lọ sí oṣù márùn-ún. Wọ́n mí kanlẹ̀. Wọ́n wá sọ fún ọkọ mi pé kó lọ sun ẹyẹ rẹ̀ níta, kò ní wọ inú ìkòkò àwọn.

Ẹ̀rín ni ọkọ mi ń rín. Ó ní láti kékeré òun ni àparò ti máa ń run ìyá òun nínú, Ọlọ́run ti wá fún wọn ní ẹnìkejì. “Àparò kan ò ga jùkan lọ,” ló wí, ó sì gbé ẹran rẹ̀ lọ sídìí iná níta. Èmi rò pé ìyá kàn fẹ́ bo ìyàwó tuntun láṣìírí ni. Mo tilẹ̀ fi wọ́n yangàn ní Ìlọ́fà, pé ẹ wá wo irú ìyá ọkọ tí mo ní.

Nígbà tí mo bímọ, àwọn ni wọ́n ń wẹ ọmọ. Èmi á wà nínú ilé ìdáná, màá máa gbọ́ wọn níta tí wọ́n ń bi ọmọ léèrè, tí wọ́n sì ń dá ara wọn lóhùn: “Àparò ni. Ó ní ẹ dìde, ẹ gbọ́mọ pọ̀n.” Mo rò pé ẹnu mi ni wọ́n ti gbọ́ ọ.

Ogun ló gbé ìyá náà dé Òsí. Nígbà ogun Núpé ni, ọmọ kékeré ni wọ́n, wọn ò tíì mọ nǹkan kan ju kí wọ́n máa sunkún lọ. Àwọn jagunjagun ti gbé wọn rìn jìnnà kí bàbá kan tó jẹ́ ará Òsí tó rà wọ́n lójú ọ̀nà. Ó tọ́ wọn dàgbà, ó sì fi wọ́n fún ọmọ rẹ̀ ọkùnrin ṣe aya. Gbogbo ènìyàn gbà pé ìhà Kàbà tàbí Àkókó ni wọ́n ti wá. Nígbà tí àwọn ènìyàn mi ń ṣe ìwádìí kí wọ́n tó fi mí fọ́kọ, ilé bàbá ọkọ ni wọ́n tú wò fínnífínní. Nígbà tó kan ti ìyá, wọ́n ní kí ni a fẹ́ wádìí níbẹ̀, ogun ló gbé e wá. Bí wọ́n ṣe fò ó nìyẹn.

Kò sẹ́ni tó ń pè wọ́n lẹ́rú lójú wọn. Ṣùgbọ́n bí ìjà bá bẹ́ sílẹ̀ nílé, ẹnì kan á ṣáà rí ọ̀nà mẹ́nu ba ẹni tí wọ́n gbé wá bí ẹrù. Lọ́jọ́ kan mo fẹ́ bá obìnrin kan jà nítorí rẹ̀, mo ti tú gèlè, mo ti so ó mọ́ ìdí. Ìyá fà mí padà.

“Jókòó jàre. Ẹrú ní bàbá, ọ̀nà ló jìn.” Wọ́n sì ń ṣa ẹ̀wà wọn lọ.

Ọdún tí gbogbo mọ́tò Nàìjíríà fi apá òsì títì sílẹ̀, tí wọ́n bọ́ sí apá ọ̀tún, ni bàbá ọkọ mi kú. Ìyá wọ aṣọ dúdú. Àṣà ilé ọkọ mi sì ni pé bí ọ̀fọ̀ bá parí, àwọn obìnrin ilé bàbá opó ni yóò wá tú aṣọ náà lára rẹ̀ létí odò ní ìdájí. Wọ́n á fi orin mú un gba ẹnu ọ̀nà iwájú wọlé, wọ́n á máa wí fún gbogbo ilé pé, “Ọmọ wa rèé o, ó níbi tó ti wá.” Opó tí kò bá lẹ́nìkan, àwọn ìyàwó ilé ni yóò tú tirẹ̀. Kò ní sí orin. Ẹ̀yìnkùlé ni yóò gbà wọlé. Pásítọ̀ wa ò fẹ́ràn àṣà yìí, ṣùgbọ́n ọjọ́ ìsinmi tí a ó ṣe ìdúpẹ́ nìkan ló ń bójú tó, ìdájí ọjọ́ odò kò sí lọ́wọ́ rẹ̀.

Bí ọjọ́ náà ṣe ń sún mọ́, mo bá ìyá nínú ilé ìdáná tí wọ́n ń sunkún. Mo rò pé ọkọ wọn ni wọ́n rántí.

“Rárá,” ni wọ́n wí. “Bàbá gbó, ó tọ́. Èmi ni mo ń sunkún ara mi. Lẹ́ẹ̀kan péré ni mo fẹ́ kẹ́nìkan dé ẹnu ọ̀nà ulé yìí, kó ní òun wá mú ọmọ òun. Mo dàgbà tó yìí, ó ṣì ń wù mí.”

Ọ̀rọ̀ náà wọ̀ mí lára. N kò bi ẹnikẹ́ni, mo ránṣẹ́ sí ẹ̀gbọ́n bàbá mi obìnrin ní Ìlọ́fà. Mo ní kó kó obìnrin méjì dání, kí wọ́n wá bá mi bẹ olórí ilé bóyá yóò gbà kí àna dúró bí ilé bàbá. Wọ́n dé ní ìrọ̀lẹ́ tó ṣáájú ọjọ́ odò. Ẹ̀gbọ́n bàbá mi jẹ́ ẹni tí í béèrè ọ̀rọ̀ kó tó kí ènìyàn. Olórí ilé ò tilẹ̀ jẹ́ kó parí ẹ̀bẹ̀: ó ní àna ni àna ń jẹ́.

A jókòó jẹun. Ìyàwó ilé kan tí kò mọ̀ gbé ọbẹ̀ àparò síwájú àwọn àgbà. Ẹ̀gbọ́n bàbá mi tì í kúrò níwájú rẹ̀. Lẹ́ẹ̀kan náà ni ìyá tì í kúrò níwájú tiwọn. Àwọn méjèèjì wo ara wọn.

“Èèwọ̀ ni, àbí inú?” ni ẹ̀gbọ́n bàbá mi béèrè.

“Inú ni,” ni ìyá dáhùn.

Ẹ̀gbọ́n bàbá mi fi ọwọ́ nu ẹnu. “Bàbá tó bí mi ní àbúrò obìnrin kan. Ogun mú un lóko, kò ju báyìí lọ.” Ó fi ọwọ́ wọn gíga rẹ̀ nílẹ̀. “Títí bàbá mi fi wọ ilẹ̀, ó ń bi gbogbo àlejò léèrè rẹ̀.” Ó tẹ ara síwájú, ohùn rẹ̀ sì rọ̀ bí ẹni tí ń wẹ ọmọ. “Yèyé, kí ló ké ní pápá?”

Mo mọ ìdáhùn tó wà lẹ́nu ìyá, mo ti ń gbọ́ ọ nínú ilé ìdáná láti ìgbà tí mo ti bí àkọ́bí mi. Ìgbà náà ni mo tó mọ̀ pé kì í ṣe ẹnu mi ni wọ́n ti gbọ́ ọ rí, nítorí n kò kọ ọ́ létí wọn kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ sí í fi wẹ ọmọ. Bí wọ́n bá dáhùn, a jẹ́ pé àbúrò bàbá àgbà mi ni wọ́n. A jẹ́ pé ọmọ ẹ̀gbọ́n àti ọmọ àbúrò ni bàbá mi àti ọkọ mi, pé ẹ̀jẹ̀ mi ni mo fẹ́. Mo ti rí i nígbà tí mo wà lọ́mọdé bí wọ́n ṣe tú irú tọkọtaya bẹ́ẹ̀ ká, tí obìnrin náà di ẹrù rẹ̀ lọ́sàn-án gangan, tí àwọn ọmọ dúró sẹ́nu ọ̀nà tí wọn ò mọ ẹni tí wọn ó tẹ̀ lé.

Ìyá wo ẹ̀gbọ́n bàbá mi. Ètè wọn mì. Lẹ́yìn náà wọ́n yí ojú, wọ́n wò mí, wọ́n wo ọmọ tó ń mu ọmú lọ́wọ́ mi.

“N kò mọ̀ ọ́n,” ni wọ́n wí. “Àlejò mi, ẹ máa jẹun.”

Ẹ̀gbọ́n bàbá mi náà wò mí, ó wo ọmọ. Ó ní, “Ó dáa, àna mi. Ẹ má bínú.” Títí ó fi kú, kò tún bi ẹnikẹ́ni léèrè.

Mo tẹ̀ lé ìyá wọ ilé ìdáná. Àwọn ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀.

“Ọjọ́ tí o kọ àparò ni mo ti mọ̀. Ìyá mi gbá mi lọ́wọ́ nítorí rẹ̀ nígbà kan. Ìyẹn àti orin yẹn ni gbogbo ohun tó ṣẹ́kù sí mi lọ́wọ́ nípa rẹ̀. Ṣùgbọ́n o ti lóyún. Kí ni kí n ṣe? Kí n gba ulé bàbá mi padà, kí n fi ulé ọmọ mi dí i?”

“Ìyá, Ìlọ́fà ò jìn,” ni mo wí. Mi ò mọ ìdí tí mo fi sọ ọ́. Ó kàn ń ká mi lára pé ibi tí wọ́n ti ń wojú ọ̀nà rẹ̀ láti kékeré, mọ́tò kan péré ló ń gbéni débẹ̀.

“Mo mọ̀,” ni wọ́n wí. “Ìdí tí orúnkún fi ń dùn mí nìyẹn.” Wọ́n rẹ́rìn-ín díẹ̀, wọ́n sì ní kí n lọ bójú tó àwọn àlejò mi.

Ní ìdájí, àwa ìyàwó ilé mú wọn lọ sódò. Àwọn ará Ìlọ́fà jókòó sílé. Èmi ni mo kéré jù nínú àwọn ìyàwó, ìyàwó tó kéré jù ló sì ń wọ inú omi tú aṣọ. Mo tú u. Nínú gbogbo wa tó wà létí odò náà, èmi àti ìyá nìkan la mọ̀ pé ọmọ ilé bàbá wọn ló ń tú u.

A wọ aṣọ funfun fún wọn, a kọrí sílé. Kò sẹ́ni tó kọrin. Ìrì ti mú gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ odò yọ̀, ìyá sì fẹsẹ̀ kọ, wọ́n dúró. Àwọn yòókù ti ṣíwájú. Mo bẹ̀rẹ̀, mo kẹ́yìn sí wọn, mo ní kí wọ́n jẹ́ kí n gbé wọn. Wọ́n ní ṣé orí mi pé. Mo ní ẹ̀yin ẹ ṣáà gùn mí. Wọ́n fúyẹ́ gan-an. Mo fi ìborùn mi gbá wọn mọ́ ẹ̀yìn, mo bẹ̀rẹ̀ sí í gòkè.

Nígbà tí a dé ibi ọ̀gẹ̀dẹ̀, tí mo rí i pé kò sẹ́ni tó lè gbọ́ wa, mo béèrè kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́, “Kí ló ké ní pápá?”

Omi gbígbóná kán sí mi lọ́rùn.

“Àparò ni,” ni wọ́n wí sí mi létí. “Ó ní ẹ dìde, ẹ gbọ́mọ pọ̀n.”

Mo gbé wọn gba ẹ̀yìnkùlé wọlé.