Ìpè Kẹta Lọ́nà Àrándùn

Ẹ fara balẹ̀ gbọ́, mi ò ní bu iyọ̀ sí i. Irọ́ pọ̀ nígboro, mo mọ̀, ṣùgbọ́n ojú mi yìí ló rí èyí, ó sì ti rẹ̀ mí láti máa dá gbé e kiri.

Kíláàsì kẹta ni mo ti fi ilé ìwé sílẹ̀, àmọ́ kò sí ọ̀mọ̀wé tó yọ lójú tẹlifíṣọ̀n tó mi ní gbogbo Òmù-Àrán. Ẹ̀ẹ̀mẹrin ni wọ́n ti wá láti Ìlọrin wá gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu mi, lórí àwọn tí adigunjalè pa lọ́nà. Èmi tí mò ń lẹ táyà!

Ti Súlè ni wọ́n kọ́kọ́ bá wá. Awakọ̀ tó ń kó iṣu ni. Iwájú ṣọ́ọ̀bù mi lọ́nà Àrándùn ni àwọn olè pa á sí, nígbà tí ìlú le koko.

Láàárọ̀ ọjọ́ tí àwọn oníkámẹ́rà ń bọ̀, ìyá mi pè mí sẹ́yìnkùlé. “Bàbá Rìsì, olóògbé ni kí o máa pè é o. A kì í pe orúkọ ẹni tí wọ́n pa níbi tí wọ́n ti pa á.”

Mo rẹ́rìn-ín. “Ìyá, ẹ ò mọ iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n.”

Ọ̀sán gangan ni wọ́n gbé kámẹ́rà kalẹ̀. Mo rojọ́ bí mo ṣe fa àdá yọ, bí mo ṣe lé àwọn olè, tí mo ń ké pe Súlè.

Obìnrin tó kó wọn wá ní, “Bàbá, ó dùn, àmọ́ lọ́rì kan pariwo. Ẹ tún un pè.”

Mo tún un pè. Ó ní ewúrẹ́ ké sí i. “Ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀ẹ̀kan péré sí i.”

“Súlè o!”

Ọkùnrin tó fi ẹ̀rọ ìgbọ́hùn bo etí dìde fùú. “Ta ló ń dáhùn nínú oko ẹ̀gẹ́ yẹn?”

Kò séèyàn níbẹ̀.

Oòrùn wà ní àtàrí, òjìji mi ò ju àtẹ́lẹsẹ̀ lọ. Ẹ gbà mí gbọ́, òjìji mìíràn wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ tí kò ní ẹni tó ni ín. Ohùn kan wá sí mi létí, jẹ́jẹ́: “Òo. Èmi jẹ́ ìpè yín, ẹ̀gbọ́n. Ṣé ẹ jẹ́ tèmi?”

Mi ò fa àdá kankan yọ. Abẹ́ tábìlì ni mo wà lálẹ́ ọjọ́ tí wọ́n pa á. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni Súlè pe orúkọ mi. Àwọn àgbà ní tí ilẹ̀ bá ti ṣú, a kì í jẹ́ ìpè ẹni tí a kò rí. Ìyẹn ni mo fi dí etí mi. Bẹ́ẹ̀, mo mọ ohùn rẹ̀.

Wọ́n fi mí hàn lójú tẹlifíṣọ̀n. Wọ́n pè mí ní akin. Ìyàwó Súlè ṣì máa ń yà lọ́dọ̀ mi ní ọjọ́ Jímọ̀.

“Ẹ̀gbọ́n, ṣé kò pe ẹnikẹ́ni kó tó lọ?”

“Kò pe ẹnikẹ́ni.”

Bí mo bá ti sọ ọ́ tán, òjìji kejì á jókòó tì mí.

Ẹ̀yin tí ẹ ń fi ikú ẹni ẹlẹ́ni ṣe gbajúmọ̀, ẹ má pè é lẹ́ẹ̀mẹta níbi tó kú sí, àfi tí ẹ bá dá a lóhùn nígbà tí òun pè yín.