Ìyá Mi Dúró Ṣanṣan Níwájú Kámẹ́rà

Láàárọ̀ Sátidé, bí afẹ́fẹ́ bá ti fẹ́ wá láti apá ibi tí àwọn ilé iṣẹ́ Ìsọlọ̀ wà, òórùn bisikíìtì ló máa ń jí wa ní Okota. Ẹ̀yin tá a jọ dàgbà níbẹ̀, ẹ ò lè tíì gbàgbé. Ebi á ti máa pa wá lórí ẹní, bẹ́ẹ̀ ògì lásán ló wà nílẹ̀.

Irú àárọ̀ bẹ́ẹ̀ ni Bọ̀ọ̀dá Ràfíù, àbúrò bàbá mi tí ìyá mi ń pè ní "ọkọ mi," gbé kámẹ́rà tó fi ń ya fídíò ìkómọ jáde, ó fẹ́ mọ̀ bóyá bátìrì rẹ̀ ṣì dára. Ìyá mi ń fọ yúnifọ́ọ̀mù wa lọ́wọ́ kó tó lọ ta ìbọ̀sẹ̀ l'Óṣòdì. Bó ṣe rí kámẹ́rà, ó nu ọṣẹ ọwọ́ rẹ̀ nù, ó tún ìborùn rẹ̀ ṣe, ó dúró ṣanṣan, ó panu mọ́.

"Ìyá Sìkírá, fídíò ni, kì í ṣe fọ́tò. Ẹ máa fọṣọ yín lọ, ẹ máa sọ̀rọ̀."

Ta ló ń bá wí? Lójú ìyá mi, ẹni tó bá mira níwájú kámẹ́rà ti ba iṣẹ́ jẹ́ nìyẹn.

"Ojú lọ̀rọ̀ wà" ló máa ń sọ fún wa, bá a bá ń parọ́ fún un tá a sì ń wolẹ̀. Ó ti pẹ́ tó ti kú. Mo rántí ojú náà dáadáa, mo rántí ọwọ́ rẹ̀ tí ọṣẹ ti bó, àmọ́ ohùn rẹ̀ ti ń bọ́ mọ́ mi lọ́wọ́, ó sì ń dùn mí gan-an. Nígbà tí Bọ̀ọ̀dá Ràfíù bá mi kó fídíò yẹn sínú fóònù lóṣù tó kọjá, ohùn yẹn ni mo ń wá.

Kí ni mo bá níbẹ̀? Ìyá mi dúró bí òpó. Ariwo tèmi ló gba gbogbo ibẹ̀, mò ń jó kọjá níwájú rẹ̀. Inú bí mi sí ọmọ tí mo jẹ́ nígbà náà. Mo ní kó panu mọ́, àfi bíi pé ó lè gbọ́.

Nígbà tó yá, Bọ̀ọ̀dá gbé ọwọ́ sílẹ̀, kò sì pa kámẹ́rà. Omi ọṣẹ àti sílípáàsì rẹ̀ nìkan ló kù tá à ń rí. Ìgbà yẹn ni mo gbọ́ ọ, ohùn tó há díẹ̀, tí èdè Ìsẹ́yìn, ìlú rẹ̀, ò tíì tán nínú rẹ̀:

"Ọkọ mi, ṣé ẹ ti yà á tán? Ṣé mo lè mí?"

Ọmọ inú fídíò ò tiẹ̀ wẹ̀yìn. Ó ti sáré jáde lọ, ohùn ìyá rẹ̀ ṣì pọ̀ lọ́wọ́ rẹ̀ nígbà yẹn. Èmi tí mo ti wá dàgbà ju ìyá yẹn lọ, mo dá fídíò náà padà sẹ́yìn kí n lè tún ohùn náà gbọ́. Mo dúró ṣanṣan, mo panu mọ́, èmi náà ò mí.