Ìwọ́de Tí A Ṣe Nítorí Ọwọ́ Òjó

Ìjọba ológun ṣẹ̀ṣẹ̀ kógbá wọlé ni nígbà náà. Àwọn alágbádá ti gbàjọba, wọ́n sì ń kéde lórí rédíò pé olúkúlùkù ti lómìnira láti sọ tẹnu rẹ̀. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ adití tí ẹ ń wo fídíò àwọn ará Amẹ́ríkà lórí fóònù lónìí, ẹ jẹ́ kí n sọ fún yín bí òmìnira náà ṣe rí lára wa ní ìhà àríwá Èkìtì.

Adití ni èmi náà. Yírùnyírùn ló gba etí mi nígbà tí mo wà ní ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, ṣùgbọ́n mo ti mọ Yorùbá sọ kí àìsàn náà tó dé, ohùn mi ò sì bá etí mi lọ. Ilé ìwé àwọn adití ni mo ti kọ́ èdè ọwọ́, èyí tí wọ́n gbé wá láti Amẹ́ríkà. Aṣọ ni mò ń rán ní Ìfàkì, èmi sì ni akọ̀wé ẹgbẹ́ àwọn adití agbègbè wa. Ọkọ mi, tíṣà ní Ayégbajú, ń gbọ́ràn ní tirẹ̀. Òun ló máa ń fi ọwọ́ túmọ̀ ohun tí àwọn èèyàn bá ń fi ẹnu sọ fún mi.

Òjó, àgbẹ̀ ará Ìgbólé, kò gbọ́ ohùn kankan rí láti ọjọ́ tí wọ́n ti bí i, kò sì wọ ilé ìwé. Èdè tí òun, ìyá rẹ̀ àti Mọrẹ́nikẹ́, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin, jọ dá sílẹ̀ nínú ilé ló ń sọ. Wọ́n ń fi èdè náà ná ọjà, wọ́n ń fi jà, wọ́n ń fi ṣe àwàdà tí àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta á fi rẹ́rìn-ín títí.

Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn kan, wọ́n jí kòkó tí aládùúgbò wọn sá sórí ẹní sẹ́yìnkùlé. Òjó ni wọ́n rí tó dúró ti ẹní tó ṣófo. Àwọn ọlọ́pàá dé, wọ́n fi ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ de ọwọ́ rẹ̀ sẹ́yìn, wọ́n wá ní kó sọ tẹnu rẹ̀. Nígbà tí kò fèsì, wọ́n ní agídí ló ń ṣe. Yorùbá ní ẹni tó bá dákẹ́, tara rẹ̀ á bá a dákẹ́. Òjó ò dákẹ́. Wọ́n pa á lẹ́nu mọ́ ni.

Lẹ́yìn náà ni wọ́n pe ògbufọ̀ kan láti Adó, ẹni tó kọ́ irú èdè ọwọ́ tí èmi náà kọ́. Wọ́n tú Òjó, wọ́n bi í bóyá òun ló kó kòkó náà. Òjó fi ìka kan àyà ara rẹ̀, ó fọwọ́ kan ojú, ó ṣàpèjúwe ẹní. Ó wá na ọwọ́ síwájú, ó sì fà á bọ̀ sí àyà, ó ń pa á dé díẹ̀díẹ̀ títí ó fi di ìkúùkù. Nínú èdè ilé wọn, ohun tó sọ ni pé: "Nígbà tí mo wò, kò sí nǹkan lórí ẹní mọ́." Nínú èdè tí ògbufọ̀ kọ́, ọwọ́ tó bá ń di ìkúùkù bọ̀ sí àyà, "mo mú un" ló ń jẹ́. Ògbufọ̀ sọ fún wọn pé ó ti jẹ́wọ́. Wọ́n gbé e dé kọ́ọ̀tù, adájọ́ sì ní kí wọ́n fi í sí àtìmọ́lé di ọjọ́ ìgbẹ́jọ́.

Mọrẹ́nikẹ́ wá bá mi ní ṣọ́ọ̀bù níṣojú ọkọ mi, tó ń túmọ̀. Ó ní òun lọ sí kọ́ọ̀tù láti túmọ̀ fún àbúrò òun, adájọ́ lé òun. Wọ́n ní mọ̀lẹ́bí ni òun, pé ògbufọ̀ tó kàwé ti wà níbẹ̀, àti pé èdè kan ṣoṣo ni gbogbo adití ayé ń sọ.

"Ulé kan náà la ti dàgbà," ó ní. "Bí mi ò bá gbọ́ ọ̀rọ̀ rẹ̀, ta ni yóò gbọ́ ọ?"

Inú bí mi débi pé mo sọ aṣọ tí mò ń rán sílẹ̀. Èdè kan ṣoṣo, lẹ́nu ẹni tó jẹ́ pé bó bá rìn láti Ìkọ̀lé dé Ìdó, ọ̀rọ̀ á ti yí padà lẹ́nu àwọn èèyàn. Nígbà tí mo wà nílé ìwé, adití kan wá kí wa láti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ọwọ́ méjèèjì ló fi ń to ábídí. Ọwọ́ kan làwa fi ń to tiwa bíi ti Amẹ́ríkà. Bẹ́ẹ̀, èdè ìwé kan náà ni wọ́n ń kà ní Amẹ́ríkà àti nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ṣe la wo ara wa lójú bí àlejò.

A pe ara wa láti Ìkọ̀lé, Ọyẹ́, Ìdó àti Ìfàkì. Láàárọ̀ ọjọ́ ìgbẹ́jọ́, a tò síwájú kọ́ọ̀tù náà, tí mi ò ní dárúkọ. A kọ ọ́ sára páálí pé, "Ẹ gbọ́ Òjó ní èdè Òjó." A ò dí ọ̀nà, a ò sọ òkúta. Àwọn ọlọ́pàá ní ká tú ká. Ọ̀pọ̀ nínú wa ló kẹ̀yìn sí wọn, wọn ò sì mọ̀ pé ẹnikẹ́ni ń bá àwọn sọ̀rọ̀. Ìgbà tí kóńdó bà wọ́n ni wọ́n tó mọ̀. Àwọn ọlọ́pàá gbé àwọn kan nínú wa ṣánlẹ̀, wọ́n dè wọ́n lọ́wọ́.

Mo lọ bá ọ̀gá wọn. Mo ní, "Ọ̀gá, ẹ tú ọwọ́ wọn. Ẹnu wọn lẹ dè yẹn."

Ó fèsì, ṣùgbọ́n ọkọ mi ò fẹ́ túmọ̀ rẹ̀ fún mi. Mo ní dandan, kó túmọ̀ rẹ̀. Ohun tí ọkùnrin náà sọ ni pé, "Odi ni yín. Kí lẹ ní láti sọ?"

Títí di òní, mi ò tíì gbàgbé gbólóhùn yẹn.

Lọ́yà kan, ọ̀dọ́mọbìnrin ará Ọyẹ́ tó wá fún ẹjọ́ mìíràn, ló jáde tó rí wa nílẹ̀. Mọrẹ́nikẹ́ ṣàlàyé fún un. Ó padà wọlé, ó ní òun yóò gbèjà Òjó, ó sì bẹ adájọ́ pé kó fi ojú ara rẹ̀ rí i pé èdè adití kì í ṣe ọ̀kan ṣoṣo. Wọ́n pe èmi àti Òjó, pẹ̀lú Sánúsí, adití ọmọ Kano tó ń ta màlúù ní Ìkọ̀lé, tó bá wa wọ́de. Lọ́yà nawọ́ sí ife omi tó wà lórí tábìlì, ó ní kí kálukú wa pè é lórúkọ. Mo gbé ìka mẹ́ta sí àgbọ̀n mi. Òjó bẹ̀rẹ̀, ó bu omi bí ẹni wà lódò. Sánúsí dorí ọwọ́ kodò bí ẹni tó fẹ́ fi búta, ìyẹn kẹ́tùlù omi, ṣe àlùwàlá.

Adájọ́ bi ògbufọ̀ bóyá ó gbọ́ ohun tí Sánúsí sọ. Ó ní rárá. Ó bi í nípa ti Òjó. Ojú ti ọkùnrin náà.

"Olúwa mi," ó ní, "mo rò pé mo gbọ́ ọ ni."

Wọ́n wá gba Mọrẹ́nikẹ́ láyè láti túmọ̀. Òjó tún ọ̀rọ̀ rẹ̀ sọ látòkèdélẹ̀. Kò sí ẹlẹ́rìí mìíràn tó lè ta kò ó, adájọ́ sì ní kó máa lọ sílé, kí wọ́n tú àwọn tiwa náà sílẹ̀. Kò sẹ́ni tó tọrọ àforíjì lọ́wọ́ Òjó. Àgbà tó gbọ́ ẹjọ́ ẹnìkan dá, òṣìkà là ń pè é. Kí ni ká pe èyí tí kò gbọ́ ti ẹni tó ń rán lẹ́wọ̀n rárá?

A ṣẹ́gun lọ́jọ́ náà, mi ò ní purọ́. Ṣùgbọ́n nígbà tí Òjó wà látìmọ́lé, ìyá rẹ̀ kú, wọ́n sì sin ín láìsí Òjó níbẹ̀. Nínú àwọn mẹ́ta tó gbọ́ èdè yẹn tinútẹ̀yìn, ó ku méjì. Kò sí ìdájọ́ tó lè dá ìyẹn padà. Àwọn ọlọ́pàá ṣì ń de adití lọ́wọ́ sẹ́yìn kí wọ́n tó bi í léèrè ọ̀rọ̀. Ẹ̀yin náà tí ẹ ti ilé ìwé dé, tí ẹ ń fi èdè ọwọ́ abúlé ṣe yẹ̀yẹ́ pé kì í ṣe ojúlówó, ọ̀nà kan náà tí adájọ́ yẹn gbà lẹ̀ ń tọ̀.

Lẹ́yìn tí Òjó dé ilé, èmi àti ọkọ mi lọ kí i ní Ìgbólé. Mo ní kí Mọrẹ́nikẹ́ bi í léèrè ohun tó fẹ́ kí n máa sọ fún àwọn èèyàn nípa ọ̀rọ̀ náà. Ó gbé ọwọ́ sókè. Mọrẹ́nikẹ́ túmọ̀ rẹ̀:

"Ìbéèrè kan ṣoṣo ni wọ́n bi mí. Àwọn fúnra wọn ni wọ́n sì dá a lóhùn."