Ọwọ́ Ìyá Àgbà Lórí Géèmù

Òórùn ọṣẹ ìfọyín ló gba gbogbo pálọ̀ wa kan ní àárọ̀ Sátidé ọjọ́ náà. Kì í ṣe pé ẹnikẹ́ni ń fọ eyín o. Èmi ni mo jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, tí mo fún ọṣẹ sórí síídì géèmù bọ́ọ̀lù wa, tí mò ń fi ìka rà á yípo, tí mo sì ń fi síńgílẹ́ẹ̀tì Dádì nù ún. Ọdún tí àwọn ológun gbé ìjọba sílẹ̀ fún alágbádá ni. Ẹ̀yin tí a jọ dàgbà ní Súrùlérè àti Mushin nígbà náà, ẹ mọ ohun tí mò ń sọ. Ta ló kọ́ wa pé ọṣẹ ìfọyín ń wo síídì sàn? Ẹnikẹ́ni ò mọ̀, ṣùgbọ́n gbogbo wa la gbà á gbọ́.

Ara mi ò balẹ̀ rárá. Ọ̀sán ọjọ́ yẹn gan-an ni èmi àti Músí fẹ́ figa gbága. Músí ni ọ̀gá géèmù ní àdúgbò wa, ọmọkùnrin kan tí ẹnu rẹ̀ gùn ju ẹsẹ̀ rẹ̀ lọ. Ó ní obìnrin ò mọ bọ́ọ̀lù gbá, kódà nínú tẹlifíṣọ̀n. Ẹnu tèmi náà kì í dákẹ́, mo ní kó wá sílé wa kó wá jẹyà. Bí a ṣe fẹnu kò sí i nìyẹn: ẹni tó bá pàdánù ni yóò máa pọnmi fún ilé ẹnìkejì títí ìsinmi yóò fi parí. Ẹ ò ní gbàgbé omi pípọn ayé ìgbà yẹn, kẹ́ẹ̀gì lórí, láti ẹ̀rọ omi ẹ̀yìn mọ́ṣáláṣí títí délé. Àwọn ará ilé Músí pọ̀, wọ́n sì fẹ́ràn àtimáa wẹ̀.

Tí géèmù ò bá ṣiṣẹ́ ńkọ́? Músí ti sọ ọ́ létí gbogbo àdúgbò pé, tó bá kọ̀, a jẹ́ pé mo sá ni, a jẹ́ pé mo ti pàdánù. Géèmù wa, tòkunbọ̀ tí Dádì rà, sì ti kọ̀. Bí a bá tàn án, síídì á máa yí, á máa dún kẹ̀rẹ̀kẹ̀rẹ̀ bí eku tó wọ àpótí, ojú tẹlifíṣọ̀n á kàn dúdú kirimú.

Màámi ti lọ sọ́jà Ọ̀yìngbò níbi tó ti ń ta abọ́, ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ ni mo dì mú: "Ọ̀nà kan ò wọjà." Nígbà tí ọṣẹ ìfọyín ò ràn án, mo gbé fáànù tì í, bóyá ó gbóná ni. Kò ka síídì. Dèjì àbúrò mi gbé síídì náà sínú fúrísà, ó ní òtútù ló fẹ́. Nígbà tó yọ ọ́, ẹja ló ń rùn. Kò kà á. Dèjì wá fọ́ géèmù létí bí ẹni ń fọ́ ọmọ aláìgbọràn létí. Mo pariwo mọ́ ọn pé, "Alágbára má mèrò, baba ọ̀lẹ!" Ọ̀rọ̀ Màámi náà nìyẹn, èmi kàn yá a lò ni.

Mo wá rọra fi òwú àti sípíríìtì nu ojú kékeré tó wà lábẹ́ ọmọrí, èyí tó fi ń ka síídì. Ìyá Àgbà, ìyá tó bí Màámi, tó wá kí wa láti Iléṣà, jókòó sórí àpótí, ó ń wò mí. Ó ní, "Rọra o. Pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ la fi ń pa àmúkùrù tó bà léni lẹ́pọ̀n." Dèjì rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Géèmù ò rẹ́rìn-ín, kò sì kà á.

Kó tó pẹ́, Músí dé pẹ̀lú àwọn ọmọlẹ́yìn rẹ̀, wọ́n kún pálọ̀ fọ́fọ́. "Ṣadé, ṣé kí n lọ gbé kẹ́ẹ̀gì wá ni?" Inú bí mi débi pé mo gbá géèmù mú, mo dà á dojú bolẹ̀. Ó dún yàtọ̀. Mo dá a dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ bí ìwé, mo fi ọwọ́ tẹ ọmọrí mọ́ ọn. Kẹ̀rẹ̀kẹ̀rẹ̀ dáwọ́ dúró, orin bẹ̀rẹ̀, pápá bọ́ọ̀lù jáde! Ariwo tí mo pa, wọ́n gbọ́ ọ lójú títì. Àmọ́ bí mo ṣe gbọ́wọ́ kúrò báyìí, ọmọrí ta sókè, gbogbo àwòrán gan. A gbé bíríkì tì í, ó yọ̀. A gbé ìwé tì í, ó ṣubú. Àfi ọwọ́ èèyàn.

Ta ló máa wá tẹ̀ ẹ́? Mo ní Dèjì. Músí ní láéláé, ọmọ ìyá mi ni, yóò ṣègbè. Ó fa ọ̀rẹ́ rẹ̀ kalẹ̀, èmi náà yarí. La bá jọ yíjú sí Ìyá Àgbà. Ìyá yìí ò mọ ohun tó ń jẹ́ góòlù. Lójú tirẹ̀, àwọn èèyàn kéékèèké kan ló há sínú tẹlifíṣọ̀n, tí wọ́n ń sáré kiri láìnídìí. Músí fúnra rẹ̀ ló dọ̀bálẹ̀ bẹ̀ ẹ́: "Màmá, ẹ̀yin nìkan lẹ ò ní ṣègbè." Ìyá Àgbà ní kò burú. Ó fa àpótí rẹ̀ súnmọ́ tòsí, ó gbọ́wọ́ lé e.

Músí ló kọ́kọ́ gbá góòlù wọlé. Ó tún ń bọ̀ lẹ́nu àwọ̀n mi, ojú mi fún pọ̀, àfi pẹ́ẹ́! Àwòrán gan. Ìyá Àgbà ti gbọ́wọ́, ó ń họ ọrùn. "Ó ń yún mi ni." A tún un bẹ̀rẹ̀. Músí tún ṣáájú, Ìyá Àgbà tún gbọ́wọ́, gèlè ló fẹ́ tún wé. A tún un bẹ̀rẹ̀. Lọ́tẹ̀ yìí, ẹ̀fọn ló fẹ́ pa. Ọ̀sán gangan, ẹ̀fọn! Músí tún dọ̀bálẹ̀ gbalaja: "Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má gbọ́wọ́ kúrò mọ́."

"Ṣé kí ẹ̀fọn máa jẹ mí, kí n máa wò ó, nítorí bọ́ọ̀lù tí ò sí nílẹ̀?"

Èmi ń rẹ́rìn-ín sínú, inú mi sì dùn dénú, mi ò ní parọ́.

A tún un bẹ̀rẹ̀, ni orí mi bá gbè mí. Mo gbá méjì wọlé, ẹyọ kan ni ti Músí, ó sì ku díẹ̀ kó parí. Músí gba bọ́ọ̀lù, ó ń bọ̀. Mo fún ojú pọ̀, mo ge ètè jẹ, mo ń bẹ Ọlọ́run pé kí àkókò tètè pé. Pẹ́ẹ́! Àwòrán gan.

"Ìyá Àgbà!" Ẹkún ló kù. Ìyá Àgbà ń wò mí tìyanu-tìyanu, kò mọ ohun tó ṣe. Ẹ̀rín ń yí Músí nílẹ̀. Mo ní èmi ni mo ṣáájú. Ó ní ẹni tí kò parí kì í borí. Ariwo sọ, àwọn ọmọlẹ́yìn rẹ̀ dá sí i, ó ku kí a fìjà pẹẹ́ta.

Ìyá Àgbà dìde. "Ẹ dákẹ́! Ta ló ń ṣiṣẹ́ látàárọ̀? Ẹ̀yin jókòó, ẹ ń fi àtàǹpàkò ṣeré, apá mi ni ò gbé mọ́. Èmi ni mo borí. Ó yá, ẹ lọ gbé kẹ́ẹ̀gì." Títí ìsinmi fi parí, èmi àti Músí la jọ ń pọnmi fún Ìyá Àgbà, ó sì ń wẹ̀ bí olorì.

Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, mo bi í pé kí ló dé tó fi gbọ́wọ́ nígbà tí mò ń borí.

"Èmi ṣe mọ̀ pé ò ń borí? Ojú rẹ ni mò ń wò. Bó bá ti fún pọ̀ báyẹn, mo mọ̀ pé ọmọ mi wà nínú wàhálà."

Ìyá Àgbà ti kú tipẹ́. Èmi náà ti di màdámù ní ọ́fíìsì kan ní Yábà. Láìpẹ́ yìí, ọ̀gá wa yìn mí níwájú gbogbo èèyàn. Ó ní ohun tí òun fẹ́ràn lára mi ni pé, bí ọ̀rọ̀ ti wù kó le tó, ojú mi kì í yí padà, kò sẹ́ni tó lè mọ ohun tó ń ṣe mí. Wọ́n pàtẹ́wọ́, mo rẹ́rìn-ín músẹ́, mo dúpẹ́. Ṣadé tó bá Músí figa gbága ò lè ṣe irú ẹ̀ láé, ọmọ tí gbogbo ọ̀rọ̀ inú rẹ̀ wà lójú. Mo ti gbọ́n jù ú lọ. Ṣùgbọ́n ní ọ̀sẹ̀ yẹn gan-an, ọ̀ràn kan ń jẹ mí lọ́kàn tí mi ò fi lè sùn, gbogbo wọn sì jókòó yí mi ká, wọ́n ń wo ojú mi, kò sẹ́ni tó rí nǹkan kan.