Ohùn Ẹ̀gbọ́n Mi Lẹ́nu Òkú

Olùdarí fíìmù ará Japan kan wà tí ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin ń tẹ̀ lé bí àwọn ẹlòmíì ṣe ń tẹ̀ lé ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù. Ọkùnrin náà kì í dúró sójú kan. Ó ṣe fíìmù ọlọ́pàá, ó ṣe tàwọn jàǹdùkú, ó ṣe ti òkú. Ìgbà tá a rò pé a ti mọ̀ ọ́n tán, ó tún gbé ti tọkọtaya tí ń jà lórí oúnjẹ dé. Mo ní kí ló dé tí kò mú ọ̀kan. Ẹ̀gbọ́n mi ní, "Ẹ̀rù kan náà ló wà nínú gbogbo ẹ̀. Aṣọ ló ń pààrọ̀."

Ẹ̀gbọ́n mi ló ni ṣọ́ọ̀bù ìwòran kan ní Ilo-Awela, níbi táwọn òṣìṣẹ́ iléeṣẹ́ ti ń sinmi. Kò gbọ́ èdè Japan rárá. Á máa ka ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì tó ń jáde nísàlẹ̀, á di máìkì mú, á sì máa sọ ọ́ ní Yorùbá: obìnrin, ọmọdé, òkú, òun nìkan. Ó máa ń gba ohùn náà sórí fíìmù.

Tírélà pa á lọ́nà Ìgbẹsà. Ọjọ́ yẹn náà la sin ín. Wọn ò jẹ́ kí Màmá rí òkú ẹ̀, wọn ò sì fi ojú oórì hàn án, torí òbí kì í mọ ojú oórì ọmọ. Màmá gbà. Ohùn ọmọ ẹ̀ nìkan ni Màmá ń bẹ̀ mí pé kí n jẹ́ kóun gbọ́.

Mo wá a títí. Fíìmù òkú yẹn nìkan ló kù. Inú bí mi sí ará Japan yẹn gan-an: nínú gbogbo ohun tó ṣe láyé, àfi èyí tí ọmọ tó ti kú ti ń kanlẹ̀kùn ìyá ẹ̀. Mo fi í pamọ́, ṣùgbọ́n Màmá ń rù sí i lójoojúmọ́.

Lẹ́yìn ìrun Àìlà lọ́sàn-án ọjọ́ kan, mo tan fíìmù náà. Màmá wà lórí ẹní ìrun, kò wo fíìmù, ilẹ̀kùn wa ló kọjú sí. Ohùn ẹ̀gbọ́n mi dé, pẹ̀lú bó ṣe máa ń ha díẹ̀: "Ìyá mi, ẹ ṣílẹ̀kùn. Òtútù ń mú mi."

Ìyá inú fíìmù ti ilẹ̀kùn pa gbọin-in. Mo fẹ́ pa fíìmù náà. Màmá ní, "Má dán an wò."

Màmá yìí ló kọ́ wa pé bá ò bá rí ẹni tó ń pè wá, a ò gbọdọ̀ dáhùn. Ó dìde, ó ṣí ilẹ̀kùn wa sílẹ̀ gbayawu, ariwo iléeṣẹ́ àdúgbò wa sì wọlé.

"Wọlé, ọkọ mi," ló wí. "Wọlé."

Ẹ̀rù bà mí. Màmá ti ń jẹun dáadáa báyìí. Ṣùgbọ́n tó bá ti kírun Àìlà tán, kì í jẹ́ kẹ́nikẹ́ni ti ilẹ̀kùn yẹn, èmi náà sì máa ń sún sẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri kí ọ̀nà lè wà.