Ìró Síréènì Láti Yàrá Mi

Nígbà tí mo ń gbé ní Igbó Ẹfọ̀n, mo ní géèmù kan tí mo fẹ́ràn. Ọlọ́pàá ni èèyàn máa ń jẹ́ nínú rẹ̀: wàá máa wakọ̀ káàkiri ìgboro, wàá dá mọ́tò dúró, wàá béèrè ìwé ọkọ̀, ọ̀gá rẹ á sì máa bá ọ sọ̀rọ̀ lórí rédíò. Mi ò rà á. Ọ̀rẹ́ mi kan níbi iṣẹ́ ló júwe ibi tí mo ti lè rí i gbà lọ́fẹ̀ẹ́ lórí íńtánẹ́ẹ̀tì. Ọkàn mi ò balẹ̀ sí i, torí géèmù náà ní kí n kọ́kọ́ pa ohun tó ń dáàbò bo kọ̀ǹpútà mi kí òun tó lè ṣiṣẹ́. Mo pa á. Mo wá lẹ bébà mọ́ ojú kámẹ́rà kọ̀ǹpútà náà, mo sì ń gbá géèmù mi lọ.

Kò pẹ́ tí mo fi ṣàkíyèsí pé tí mo bá ti dé ìdí ẹ̀rọ omi, ọ̀rọ̀ á tán lẹ́nu àwọn tá a jọ háyà yàrá nínú ilé náà. Ọkùnrin kan tó ń tẹ́ táìsì, tó ń gbé lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, tá a jọ máa ń ṣàwàdà tó bá ti ń ti mọ́sáláásí bọ̀, bẹ̀rẹ̀ sí í pè mí ní "Ọ̀gá." Ojú rẹ̀ ò sì rẹ́rìn-ín.

Lọ́sàn-án Sátidé kan, ìyá onílé ránṣẹ́ pè mí. Ìdílé wọn ló ni ilẹ̀ àdúgbò náà látijọ́. Láti ìgbà tí mo ti dé ilé wọn, "ìwọ" ni wọ́n ń pè mí. Lọ́jọ́ yẹn, wọ́n ní, "Ẹ jókòó."

"Ṣé torí ọ̀rọ̀ ilẹ̀ wa tó wà ní kóòtù ni wọ́n ṣe fi yín síbí?"

"Ta ló fi mí síbí, Mà?"

"Ẹ má fi mí ṣe ọmọdé. A ń gbọ́ rédíò yín. A ń gbọ́ síréènì."

Ẹ̀rín pa mí, ṣùgbọ́n àwọn ò rẹ́rìn-ín. Mo mú wọn wá sí yàrá mi, mo tan géèmù náà. Wọ́n wò ó bí mo ṣe dá mọ́tò kan dúró, tí dẹrẹ́bà rẹ̀ sọ̀ kalẹ̀.

"Ṣé kì í ṣe pé wọ́n ń wò wá láti inú lọ́hùn-ún?"

"Kò sẹ́ni tó ń wò wá, Mà."

"Kí wá ni bébà tó o lẹ̀ mọ́ ọn yìí ń ṣe?"

Mo pa géèmù náà. Wọ́n ti padà sí "ìwọ," èyí sì tu mí lára díẹ̀.

Kò tíì tó ọ̀sẹ̀ kan lẹ́yìn náà tí ọkùnrin kan tó ń gbé yàrá ẹ̀yìn fi kó lọ. Ó ti sọ fún wa rí pé òun ń wa tírélà lọ sí Lẹ́kkí Free Zone, níbi táwọn iléeṣẹ́ ńláńlá wà. Jẹ́jẹ́ ni èèyàn máa ń bá a. Kò dágbére fún ẹnì kankan. Kódà, kò gbé bẹ́ẹ̀dì rẹ̀.

Ọkùnrin tó ń tẹ́ táìsì ní, "Ó ti hùwà ọ̀daràn kan ni. Ìró síréènì yẹn ló lé e."

Mo yọ géèmù náà kúrò lọ́jọ́ náà gan-an. Kò sẹ́ni tó wá wá ọkùnrin náà, yálà ọlọ́pàá ni o, tàbí mọ̀lẹ́bí. Mi ò mọ̀ bóyá ó ṣe nǹkan, àbí àwọn ọlọ́pàá ló ti ṣe é ní nǹkan rí.