Ó-ku-bọ́tìnnì àti Ọjọ́ Tí Kóòtù Dá

Ìgbà tí mo kọ́kọ́ mọ télọ̀ yìí, ṣòkòtò kan ni mo gbé fún un pé kó bá mi gé ẹsẹ̀ rẹ̀ kúrú. Ó ní kí n padà wá lọ́jọ́ kejì. Mo padà lọ. Ó gbé ṣòkòtò náà sókè tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀, ó ní, "Ó ku bọ́tìnnì." Bẹ́ẹ̀ okùn ni wọ́n fi ń so ṣòkòtò náà. Orúkọ tí gbogbo àdúgbò ń pè é nìyẹn, Ó-ku-bọ́tìnnì.

Iṣẹ́ rẹ̀ mọ́. Ọjọ́ ni kì í bá a mu. Fèrèsé kan ṣoṣo ni yàrá tó ti ń ránṣọ ní, ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ sì ni ẹ̀rọ wà, torí ojú rẹ̀ ti ń ṣe bàìbàì, kò lè ki òwú bọ abẹ́rẹ́ láìsí ìmọ́lẹ̀ ọ̀sán. Nígbà tí káfíńtà tó múlé tì í to pákó dí fèrèsé náà, kóòtù ni télọ̀ gbé e lọ. Adájọ́ pàṣẹ pé kí káfíńtà kó pákó kúrò, kó má sì dí fèrèsé náà mọ́ láé. Káfíńtà kó o. Kò pẹ́ kò jìnnà, ó kan ògiri pákó síbẹ̀ láàárọ̀ ọjọ́ kan, ó ń súfèé.

Lọ́yà télọ̀, obìnrin tí kì í fọ̀rọ̀ ṣòfò, fi í jókòó.

"Bàbá, ó ti tẹ àṣẹ kóòtù lójú. Adájọ́ lè fìyà jẹ ẹ́, kó sì ní kó wó ògiri náà. Ṣùgbọ́n oṣù mẹ́ta péré lòfin fún wa láti ọjọ́ tó kàn án, oṣù kan sì ti lọ níbẹ̀. Kí oṣù tó ń bọ̀ tó parí, ẹ wá búra sí ìwé ẹ̀sùn."

"Mo ti gbọ́, ìyáàfin."

Ó gbọ́ lóòótọ́, àmọ́ etí télọ̀ ló fi gbọ́. Nínú iṣẹ́ tirẹ̀, kò sẹ́ni tó ń sọ ọjọ́ gan-an. Oníbàárà tó máa wọ aṣọ ní Sátidé á ní Ọjọ́rú lòun fẹ́ ẹ. Télọ̀ náà á sì ti mọ̀ pé Ọjọ́rú kì í ṣe òótọ́. Ó gbà pé lọ́yà ti yọ ọjọ́ díẹ̀ pa mọ́, bí ọlọgbọ́n oníbàárà.

Ìyàwó rẹ̀ ò gbà. "Baba wọn, ṣé ẹ ti lọ?"

"Fọkàn balẹ̀. Ta ní ń sọ ọjọ́ gan-an fún èèyàn?"

"Kóòtù ni! Àbí adájọ́ náà kó aṣọ sọ́dọ̀ yín ni?"

Ẹ̀yìn ìgbà tí oṣù náà parí tán ló tó wọ ẹ̀wù tó dáa jù, tó gbọ̀nà kóòtù lọ tẹ̀rín-tẹ̀rín. Akọ̀wé kóòtù wo ọjọ́ tí wọ́n kan ògiri, ó ti ìwé padà.

"Bàbá, àkókò ti kọjá."

"Ọmọ mi, èyí tí wọ́n sọ fún mi ló kọjá. Èyí tó jẹ́ òótọ́ ńkọ́?"

Akọ̀wé yíjú sí lọ́yà tó bá a wá. "Kí ni wọ́n ń sọ?"

Lọ́yà mí kanlẹ̀. "Bàbá, adájọ́ lè fi ọjọ́ kún un tí ìdí bá wà. Ṣé ara yín ò yá ni?"

"Ara mi le koko."

"Ẹ rìnrìn àjò?"

"Ibo ni mo fẹ́ lọ?"

"Kí wá ni kí n sọ fún adájọ́?"

Ó ṣàlàyé bí àwọn télọ̀ ṣe ń ka ọjọ́, kò fi ẹyọ kan pa mọ́. Akọ̀wé rẹ́rìn-ín títí ó fi nu ojú. Ìwé náà kò wọlé.

Nígbà tó délé, ìyàwó rẹ̀ wo ojú rẹ̀. Obìnrin náà di apá kan ẹ̀rọ mú, ọkọ rẹ̀ di èkejì mú, wọ́n gbé e jáde.

Ìta, létí títì, ló ti ń ránṣọ báyìí. Bí òjò bá ṣú, wọ́n á gbé ẹ̀rọ wọlé, iṣẹ́ á sì dúró.